Òkúta Api Batul

Api Batul, ìyá àgbà tí gbogbo wa ń pè ní Api, kò kàwé rí, ṣùgbọ́n orí rẹ̀ ni gbogbo arò tí bàbá rẹ̀ ṣe fún Imaamu Useni, ọmọ ọmọ Ànábì tí wọ́n pa lójú ogun, wà, ẹsẹ méjìlélógún. Ìwé tí bàbá náà kọ ọ́ sí bá omi lọ lọ́dún tí odò Shigar ya wọ oko wa. Láti ìgbà náà, ẹnu Api nìkan la ti ń gbọ́ ọ, níbi tí àwa obìnrin ti ń ṣọ̀fọ̀ lóṣù Mùhárámù.

Lọ́dún tó kọjá, ó fo ẹsẹ mẹ́ta. Àwọn kan ní kó lọ sinmi, kí ọ̀dọ́ gba ipò rẹ̀. Arò wo ni ọ̀dọ́ fẹ́ kọ, nígbà tí ẹlòmíràn kò mọ̀ ọ́n? Mo pinnu láti gba ohùn rẹ̀ sínú fóònù, kí n sì kọ gbogbo rẹ̀ sílẹ̀ ní èdè Balti wa.

Mo bá a lórí òrùlé ilé rẹ̀ tó tẹ́ pẹrẹsẹ, níbi tí a ti ń sá èso chuli, ó ń fi òkúta fọ́ kóró rẹ̀. Mo ní ariwo yẹn yóò ba iṣẹ́ jẹ́. Mo mú un wọ yàrá, mo ti ilẹ̀kùn. Ní ẹsẹ kẹrin, ó dúró. Mo ní kó tún un bẹ̀rẹ̀. Ibẹ̀ náà ló tún dúró sí. Mo sọ fún un pé ó ti fo ìlà kan ṣáájú.

Ó wo ọwọ́ rẹ̀. “Òótọ́ ni wọ́n ń sọ, Tísà. Ó ti lọ.”

Nargis, ọmọ ọmọ rẹ̀, wà lẹ́nu ọ̀nà. “Ẹ jọ̀ọ́ Tísà, ṣé wọ́n máa ń gba òòlù lọ́wọ́ alágbẹ̀dẹ kí wọ́n tó ní kó rọ ọkọ́?”

Ìgbà yẹn ni mo ṣẹ̀ṣẹ̀ gbọ́ pé ìdí kóró fífọ́ ni bàbá Api ti kọ́ ọ ní arò náà, torí iṣẹ́ kì í jẹ́ kí wọ́n ráyè jókòó lásán. Ibi tí òkúta bá ti dún nínú arò ni àwọn obìnrin ti ń lu àyà ṣọ̀fọ̀.

A padà sórí òrùlé. Òkúta ń dún, ẹsẹ kẹrin dé, ìkarùn-ún tẹ̀ lé e. Nígbà tó dé ibi tí Sakina kékeré, ọmọ Imaamu náà, ti ń bèèrè omi, àwọn obìnrin orí òrùlé kejì fi èso tí wọ́n ń sá sílẹ̀, wọ́n ń lu àyà.

“Ṣé ó pé?”

“Ó pé, Api.”

“Ìwọ tí o máa ń yọ máàkì gbogbo ayé, mélòó lo fún mi?”

N kò rí nǹkan kan yọ. Bírò pupa mi ni mo fi sàmì sí gbogbo ibi tí òkúta ti dún nínú ìwé tí mo kọ.

Ní Mùhárámù, Api ló kọ arò. Nargis, tó ti ń bá a fọ́ kóró láti ìgbà náà, jókòó tì í pẹ̀lú ìwé náà lórí itan, ó ń bá a kọ ọ́. Kò ṣí ìwé náà.