Ọwọ́ Bàbá Oníyọ̀

Inú ń bí mi gan-an lónìí, ẹ jọ̀ọ́, ẹ gbọ́ tẹnu mi.

Ilé iṣẹ́ wa ní Àpápá ló rán mi wá sí Bòlífíà. Láàárọ̀ yìí, wọ́n mú àwa àlejò lọ wo pápá iyọ̀ kan lórí òkè. Ibẹ̀ ga débi pé agbára káká ni mo fi ń mí.

A bá bàbá àgbàlagbà kan tó ń fi ṣọ́bìrì kó iyọ̀ jọ. Obìnrin kan nínú wa ní kó bọ́ ìbọ̀wọ́, kóun ya fọ́tò ọwọ́ ẹ̀. Bàbá bọ́ ọ. Iyọ̀ ti jẹ ọwọ́ náà, gbogbo ẹ̀ ló sán.

Mo ní, "Ẹ fi bàbá sílẹ̀ jàre!"

Ẹni tó ń mú wa kiri rẹ́rìn-ín. "Má dààmú, ó ti mọ́ wọn lára."

Ohun tí ọ̀gá bàbá mi máa ń sọ gan-an nìyẹn, nígbà tí bàbá mi ń ru àpò iyọ̀ ní wọ́ọ̀fù, tí màmá mi ń fi òrí pa èjìká ẹ̀ ní Àmùkòkò.

Mo fi ìbínú padà sínú ọkọ̀. Mo ṣí fóònù mi: èmi náà ti ya ọwọ́ bàbá yẹn lẹ́ẹ̀mẹta.

Ẹ̀yin èèyàn mi, ta gan-an ni kí n máa bínú sí?