Olú Tí Mo Fi Ránṣẹ́ sí Ìyá Mi

Òǹgbẹ ló kọ́kọ́ mú mi. Mò ń nu ilẹ̀ ní pápákọ̀ òfurufú Manchester, níbi tí mo ti ń ṣiṣẹ́, nígbà tí mo ṣàkíyèsí pé mo ti lọ mu omi lẹ́nu ẹ̀rọ léraléra, síbẹ̀ ọ̀fun mi gbẹ. Mo mọ òǹgbẹ ààwẹ̀: bí èèyàn bá ti ṣínu, ó tán. Èyí kò gbọ́ ti omi. Bí mo ṣe ń mu ún ni mò ń tọ̀ ọ́.

Lẹ́yìn ọjọ́ mélòó kan, ẹ̀yìn mi lókè ìbàdí, lọ́tùn-ún lósì, bẹ̀rẹ̀ sí í ro mí bí ẹni pé wọ́n ń fi igi gún mi. Òtútù ń mú mi, èébì ń gbé mi. Nílé wa ní Old Trafford, ọkọ mi, Làmídì, bo aṣọ mọ́ mi lára, ó ní iṣẹ́ ti pọ̀ jù. Èmi náà gbà bẹ́ẹ̀. Ohun tó wá bà mí lẹ́rù ni pé ìtọ̀ tí kì í jẹ́ kí n jókòó tẹ́lẹ̀ dáwọ́ dúró. Kò sí ẹ̀kán kan. Ojú mi wú, ẹsẹ̀ mi wú.

Nílé ìwòsàn, wọ́n gba ẹ̀jẹ̀ mi, a sì jókòó de èsì láàárín àwọn tó ń wúkọ́. Dókítà ṣàlàyé pé kíndìnrín mi méjèèjì kò ṣiṣẹ́ mọ́. Kíndìnrín ló ń sẹ́ ìdọ̀tí kúrò nínú ẹ̀jẹ̀, tó ń fi ìtọ̀ gbé e jáde. Bí kò bá ṣe é, ìdọ̀tí náà á máa kún inú ara. Ó béèrè ohun tí mo jẹ. Mo ka ti ọ̀sẹ̀ yẹn fún un: ìrẹsì, búrẹ́dì, ọbẹ̀ ilá. Ó ní kí n rò ó sẹ́yìn sí i, bóyá mo já nǹkan nínú igbó.

Làmídì ló dáhùn. "Àbẹ̀kẹ́, olú yẹn ńkọ́?"

Ní bí ọ̀sẹ̀ mẹ́ta sẹ́yìn, a lọ najú nínú igbó kan tó kọjá Oldham. Lábẹ́ àwọn igi tó jọ igi Kérésìmesì ni mo ti rí olú aláwọ̀ ìpẹtà, tí fọ́nrán wẹ́wẹ́ bí òwú aláǹtakùn wà lábẹ́ orí rẹ̀. Ó jọ èyí tí a máa ń já nígbà tí mo wà lọ́mọdé. Làmídì kì í jẹ olú. Ó ní ẹran tí kò légungun kò yé òun. Èmi nìkan ni mo jẹ ẹ́. Nílé wa ní Ìlọrin, bí olú kan kò bá dá wa lójú, àgbà kan ló máa ń kọ́kọ́ tọ́ ọ wò. Bí ilẹ̀ bá mọ́ tí ara rẹ̀ le, àwọn yòókù á jẹ. Ilẹ̀ mọ́, ara mi le. Mo bá sá ìyókù gbẹ.

"Oró ti èyí kì í kánjú," ni dókítà wí. "Ó lè tó ọ̀sẹ̀ méjì, mẹ́ta, kó tó fara hàn. Iná kì í pa á, oòrùn kì í pa á."

Nígbà náà ni mo bú sẹ́kún. Nọ́ọ̀sì rò pé nítorí kíndìnrín ni. Ṣùgbọ́n mo ti fi olú gbígbẹ náà rán Rìskátù, akẹ́kọ̀ọ́ kan tó parí ẹ̀kọ́ rẹ̀ tó ń padà sílé, sí ìyá mi ní Ìlọrin. Ìyá mi sì ti ní kí Rìskátù fi fóònù sọ fún wa pé ó dùn débi pé àwọn lá ọwọ́.

"Ẹ pè wọ́n," ni mo sọ fún Làmídì. "Ẹ jọ̀wọ́, ẹ pè wọ́n báyìí."

Fóònù kò wọlé. Wọ́n ki rọ́bà tẹ́ẹ́rẹ́ kan bọ iṣan ọrùn mi, wọ́n sì so ó mọ́ ẹ̀rọ tó ń fọ ẹ̀jẹ̀. Dáyálísíìsì ni wọ́n ń pè é: ẹ̀jẹ̀ á jáde, ẹ̀rọ á sẹ́ ẹ, á sì padà wọlé. Kò dunni tó bí mo ṣe rò, ṣùgbọ́n iṣan ẹsẹ̀ máa ń fà mí, orí máa ń fọ́ mi, á sì rẹ̀ mí tẹnutẹnu. Bí ẹ̀rọ náà ti ń yí, ìyá mi ni mò ń rò. Ta ni yóò fọ ẹ̀jẹ̀ tiwọn?

Lẹ́yìn ọ̀pọ̀ ìgbìyànjú, Làmídì wọlé lọ́sàn-án ọjọ́ kan, ó ń rẹ́rìn-ín, ó ń nu ojú. Ó sín ohùn ìyá mi jẹ:

"'Èmi kẹ̀? Olú tí mi ò mọ ilẹ̀ tó ti hù! Ọjọ́ tó dé ni mo ti rì í mọ́lẹ̀, kí adìyẹ má baà ṣà á jẹ.' Mo ní, 'Mọ́mì, ẹ ní ẹ lá ọwọ́.' Wọ́n ní, 'Làmídì, kí ọmọ mi ránṣẹ́ sí mi láti ìlú òyìnbó, kí n wá ní kò dùn?'"

Mo rẹ́rìn-ín títí ọrùn fi ń ro mí níbi tí rọ́bà wà.

Kò sí oògùn tó ń pa oró náà. Ẹ̀rọ kàn ń bá kíndìnrín ṣiṣẹ́ ni, títí á fi jí, bí yóò bá jí. Tàwọn mìíràn kì í jí mọ́, àfi kí wọ́n fi kíndìnrín ẹlòmíràn sí wọn lára. Lẹ́yìn ọ̀pọ̀ ọ̀sẹ̀, mo tọ̀ díẹ̀. Nọ́ọ̀sì gbé e fi han àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ bí ẹni gbé ọmọ tuntun jáde. Kíndìnrín tèmi padà, ṣùgbọ́n kò padà tán. Mo ṣì ń lọ fún àyẹ̀wò ẹ̀jẹ̀, iyọ̀ sì ti dín nínú ọbẹ̀ mi.

Ẹ̀yin tí ẹ ń kà á, òru kan kò tó láti fi dán olú wò. Bí dókítà bá sì béèrè ohun tí ẹ jẹ, ẹ má dúró sórí ti àná. Láti ọjọ́ tí wọ́n ti bí mi ni kíndìnrín mi ti ń ṣiṣẹ́, mi ò sì kí wọn kú iṣẹ́ rí. Mo ń kí wọn báyìí, láràárọ̀, lẹ́yìn ìrun.

Ní ti ìyá mi, mi ò bá wọn wí lórí irọ́ yẹn. Lẹ́yìn tí ara mi yá, mo fi kóòtù ránṣẹ́ sí wọn. Wọ́n ní ó bá àwọn mu gan-an. Mo ní alihamudulilahi. Mi ò béèrè bóyá wọ́n wọ̀ ọ́.