Ọjọ́ Tí Wọ́n Sọ Ìwé Fìlọ́sọ́fì Mi Sí Gọ́tà

Títí ayé mi, n kò ní gbàgbé ọjọ́ tí mo bẹ̀rẹ̀ sí í kọ́ nípa àwọn ọlọ́gbọ́n Gíríìkì àtijọ́. Télọ̀ ni mí ní àdúgbò Adégbayì. Lọ́sàn-án ọjọ́ náà, mo ṣí ìwé mi lórí ẹ̀rọ ìránṣọ, mo ń ka ìtàn ọkùnrin kan tí wọ́n ní kó mu májèlé nítorí pé ó ń da ìbéèrè bo àwọn àgbà ìlú. Bẹ́ẹ̀ ni ẹ̀gbọ́n ọkọ mi wọlé.

"Ìyàwó wa, kí lèyí?"

"Fìlọ́sọ́fì ni, sà. Mo fẹ́ gboyè nínú rẹ̀."

Wọ́n já ìwé náà gbà, wọ́n sọ ọ́ sí gọ́tà. "Obìnrin tó bá ń ka irú èyí kò ní gbọ́ ti ọkọ mọ́!"

Mo bẹ́ sínú gọ́tà, mo gbé ìwé mi jáde. Mo kúnlẹ̀ fún wọn bó ti yẹ, omi dúdú ń kán sí mi láṣọ. Mo ní, "Ẹ jọ̀ọ́ sà, kí ló wà nínú ìbéèrè tó ń bà yín lẹ́rù?"

Wọ́n kàn bá tiwọn lọ.

Mo sá ìwé náà sóòrùn, mo sì kà á, tòun ti òórùn gọ́tà. Láti ìgbà náà, ẹni tó bá bi mí ohun tí télọ̀ fẹ́ fi fìlọ́sọ́fì ṣe, èmi náà á bi í pé, "Ta lẹ rò pé wọ́n kọ ọ́ fún?"