Epo Òyìnbó láti Ojúlé dé Ojúlé

Ọdún 1969 ni ọkọ mi ránṣẹ́ pè mí wá sí Port Harcourt. Ogun ṣì ń lọ lọ́wọ́ lápá òkè, ṣùgbọ́n àwọn ọmọ ogun ìjọba àpapọ̀ ti gba ìlú náà lọ́dún tó ṣáájú, ìlú tí mo bá sì dákẹ́ rọ́rọ́. Ilé pọ̀ ju ènìyàn lọ. Ihò ọta ìbọn wà lára ògiri ilé tí a gbà ní D-Line, ọkọ mi sì ti fi sìmẹ́ǹtì dí gbogbo wọn kí n tó dé. Ó ní òun ò fẹ́ kí ìyàwó òun jí láàárọ̀ kó máa wo ihò.

Jórinjórin ni ọkọ mi, ọmọ Ògbómọ̀ṣọ́ bíi tèmi. Ilé-iṣẹ́ epo kan láti Amẹ́ríkà, tí kò fi bẹ́ẹ̀ tóbi, ló gbà á pé kó wá máa bá wọn jó àwọn páìpù tó ti já pọ̀. Ọ̀gá wọn ní yáàdì jẹ́ àgbàlagbà òyìnbó kan, ó ga, ó tín-ín-rín, oòrùn ti sọ ọrùn rẹ̀ di pupa bí ata rodo. Gbogbo yáàdì ló fẹ́ràn rẹ̀, àmọ́ kò sẹ́ni tó gbọ́ ohun tó ń sọ. Imú ló fi ń sọ̀rọ̀, ọ̀rọ̀ náà a sì máa fà bí ọbẹ̀ ilá.

Lọ́jọ́ kan, mo gbé oúnjẹ ọ̀sán lọ fún ọkọ mi. Mo bá àwọn òṣìṣẹ́ tí wọ́n yí òyìnbó yìí ká, ó ń bẹ̀ wọ́n ní nǹkan, wọ́n kàn ń wo ẹnu rẹ̀ ni. Ẹnì kan sáré lọ gbé àkàbà wá. Òyìnbó mi orí. Ẹlòmíràn sáré lọ gbé korobá. Ó tún mi orí, ó na ọwọ́ méjèèjì bí ẹni tó fẹ́ dá ewúrẹ́ dúró.

Mo ké láti ẹ̀yìn pé, "Ẹ dúró síbi tí ẹ wà o! Ó ní awò ojú òun ló bọ́ sínú yanrìn, kí ẹ jọ̀ọ́, kí ẹ má tẹ̀ ẹ́!"

Gbogbo wọn dúró gbagidi. Ẹnì kan tiẹ̀ gbé ẹsẹ̀ kan sókè tí kò lè sọ ọ́ kalẹ̀. Ọkọ mi bẹ̀rẹ̀, ó he awò náà lẹ́bàá bàtà ara rẹ̀, ó nu ún, ó fi ọwọ́ méjèèjì gbé e fún un.

Òyìnbó gbé awò sójú, ó wá yíjú sí mi. "Ìyáàfin, níbo lẹ ti gbọ́ irú èdè tiwa yìí?"

Mo sọ fún un pé àwọn òyìnbó Amẹ́ríkà tó wá wàásù ní Ògbómọ̀ṣọ́ ni ìyá mi ń fọṣọ fún, pé ẹ̀yìn ilé ìdáná wọn ni mo dàgbà sí, àti pé àwọn kan nínú wọn ń fi imú sọ̀rọ̀ gan-an bó ṣe ń sọ ọ́ yẹn. Ó rẹ́rìn-ín títí ó fi dì mọ́ páìpù. Kí ọ̀sẹ̀ náà tó parí, mo ti níṣẹ́ ní yáàdì: kí n máa gbọ́ ti ibí, kí n máa sọ fún ti ọ̀hún.

Báyìí ni mo ṣe di ẹni tó ń túmọ̀ ìtàn ilé-iṣẹ́ náà fún gbogbo yáàdì. Nígbà ìsinmi ọ̀sán, abẹ́ igi fúrúùtù la máa ń jókòó sí, òyìnbó a sì máa sọ ọ́ díẹ̀díẹ̀.

"Kànga omi ni wọ́n ń gbẹ́," ló wí. "Àwọn àgbẹ̀ mélòó kan lábúlé wa. Bàbá bàbá mi wà lára wọn. Epo ló jáde sí wọn, inú sì bí wọn, torí màlúù ò lè mu epo."

Láyé ìgbà náà, ilé-iṣẹ́ ńlá kan ló di gbogbo epo ilẹ̀ Amẹ́ríkà mú sọ́wọ́. Òun ló ni páìpù, ọ̀rọ̀ rẹ̀ náà sì ni àwọn tó ni ọkọ̀ ojú irin ń tẹ̀ lé. Ó ní kí àwọn àgbẹ̀ yìí ta kànga wọn fún òun ní ọ̀pọ̀, tàbí kí wọ́n máa mu epo wọn. Wọ́n kọ̀. Wọ́n gbé ìkòkò irin ńlá kaná lẹ́yìn abà, wọ́n ń se epo náà títí wọ́n fi rí epo òyìnbó yọ nínú rẹ̀. Bàbá bàbá rẹ̀ wá gbé àgbá lé kẹ̀kẹ́ ẹrù, ó so ẹṣin méjì mọ́ ọn, ó fi agogo kọ́ ọ̀kan lọ́rùn, ó bẹ̀rẹ̀ sí í tà á láti ojúlé dé ojúlé.

Ọkọ mi dá a dúró. "Bi í, bẹntiróòlù ńkọ́? Ṣé wọn ò rí bẹntiróòlù nínú rẹ̀ ni?"

Mo bi í. Òyìnbó ní, "Odò la dà á sí. Kò tíì sí mọ́tò nígbà yẹn. Ta ni ì bá rà á?"

"Yéè!" Ọkọ mi di orí mú. Ó tó ọjọ́ mẹ́ta tó ṣì ń sọ ọ́ nílé pé wọ́n da bẹntiróòlù sódò.

Ilé-iṣẹ́ ńlá yẹn já iye owó epo tirẹ̀ wálẹ̀ lójú ọ̀nà kan náà, kí ebi lè pa àwọn àgbẹ̀ náà. Síbẹ̀, bí agogo ẹṣin bá ti dún, àwọn ìyàwó àgbẹ̀ á jáde sí i. Bàbá bàbá òyìnbó a máa bá wọn gé òwú fìtílà, a máa jíṣẹ́ wọn fún ọmọ wọn tó wà nílé ọkọ lábúlé kejì, bí wọn ò bá sì lówó, a gba ẹyin lọ́wọ́ wọn. "Ẹyin adìẹ ló gbé wa dúró," ni òyìnbó máa ń wí. Nígbà tí mọ́tò dé, ohun tí wọ́n ń dà sódò wá di ohun tí gbogbo ayé ń wá. Wọ́n gbilẹ̀ ní agbègbè tiwọn, ṣùgbọ́n wọn ò kọjá odò ńlá tó pààlà agbègbè náà. Àwọn ọmọ-ọmọ tó jogún ilé-iṣẹ́ náà ló wá rán ènìyàn wá wá epo nínú irà tiwa níbí.

Ogun parí ní oṣù kìíní ọdún 1970. Àwọn onílé bẹ̀rẹ̀ sí í padà wálé. Obìnrin ará Isiokpo kan ló ni yàrá tó kọjú sí tiwa. Ó dé lọ́sàn-án ọjọ́ kan pẹ̀lú ẹní àti ìkòkò kan ṣoṣo. Ó ṣí ilẹ̀kùn, ó wo inú ilé, ó tún jáde wá wò mí.

"Na you dey sweep my room?"

Mo ní bẹ́ẹ̀ ni, pé eruku ò dáa nínú ilé. Ó jókòó sẹ́nu ọ̀nà, ó rẹ́rìn-ín, ẹ̀rín náà di ẹkún, ó nu ojú, ó wá tọrọ iná lọ́wọ́ mi láti fi se gbágùúdá. Láti ọjọ́ yẹn la ti di ọ̀rẹ́.

Ìyà epo òyìnbó ló kọ́kọ́ jẹ àwọn tó padà wálé. Ilé epo ti wó, ọkọ̀ tó lè gbé epo kò tó nǹkan. Ọ̀rẹ́ mi yìí á gbé ìgò lọ síbi tí wọ́n ti ń tà á ní ìdájí, á padà dé lọ́sàn-án pẹ̀lú ìgò òfìfo. Lọ́jọ́ kan, mo bi òyìnbó lábẹ́ igi pé, "Bàbá, ká ní bàbá bàbá yín ló wà níbí, kí ni ì bá ṣe?"

Ó ní, "A ò ní ẹṣin."

Mo túmọ̀ rẹ̀ fún ọkọ mi. Ó dá mi lóhùn pé, "Sọ fún un pé ẹṣin kọ́ ló ń ta epo."

Ọ̀la rẹ̀ ni wọ́n bẹ̀rẹ̀. Ọkọ mi fọ àgbá kan mọ́, ó rọ omi kún inú rẹ̀ kó má baà bú gbàmù nígbà tí iná bá kàn án, ó jó ẹnu ẹ̀rọ mọ́ ọn nídìí. Ó yọ táyà méjì lára ọkọ̀ ológun tó ti bàjẹ́, ó fi wọ́n sábẹ́ àgbá náà, ó ṣe ọwọ́ ìtì sí i lẹ́yìn. Ọ̀gá tó wà ní ọ́fíìsì láàárín ìlú kọ́kọ́ kọ̀, ó ní iná á jó ìlú. Ọkọ mi tún rọ omi sí àgbá náà, ó tì í gba inú kòtò àti gegele lójú ọ̀gá. Ẹnu ẹ̀rọ ń kán tó, tó. Ojú tì wá. Ó gbé e padà, ó tún un ṣe, ó tún tì í lọ́jọ́ kejì. Lọ́tẹ̀ yìí, kò kán rárá. Ọ̀gá ní kí a rọ epo òyìnbó sí i láti ìpamọ́ ilé-iṣẹ́, kí a máa lọ.

Agogo tí wọ́n fi ń pè wá síṣẹ́ ni òyìnbó fún mi. Ọkọ mi ń ti àgbá, mò ń lu agogo, ọ̀rẹ́ mi sì ń kígbe ní èdè Ìkwerre àti Ìgbò. Sójà kan dá wa dúró ní ìkòríta.

"Wetin dey inside?"

Ó ti ìka bọ ẹnu ẹ̀rọ, ó gbóòórùn rẹ̀, ojú rẹ̀ là. Ó ní kí a dúró díẹ̀, ó sáré wọlé, ó gbé fìtílà tirẹ̀ náà jáde.

Kò pẹ́ tí àwọn obìnrin fi bò wá, pẹ̀lú ìgò, agolo, kẹ́tùlù tíì. Ọ̀rẹ́ mi tò wọ́n sórí ìlà, torí ó mọ gbogbo wọn, ó mọ ẹni tí yóò fẹ́ já ìlà. Ìyá arúgbó kan kò lówó, ẹyin mẹ́rin ló nà sí mi nínú igbá. Mo ṣiyè méjì. Ọ̀rẹ́ mi ní, "Take am jare." Mo gbà á.

Nígbà tí a padà dé yáàdì, mo gbé igbá náà síwájú òyìnbó. Ó mú ọ̀kan, ó yí i lọ́wọ́ títí. Ó ní láti kékeré lòun ti ń gbọ́ ìtàn ẹyin yẹn, àmọ́ òun ò fojú rí ẹyin tí wọ́n fi ra epo rí. Ó ní kí n bá òun dín in kíá. Abẹ́ igi la ti jẹ ẹ́, àwa mẹ́rẹ̀ẹ̀rin, pẹ̀lú búrẹ́dì.

A ta epo bẹ́ẹ̀ fún oṣù bíi mélòó kan, títí àwọn ilé epo fi ṣí padà. Ọ̀rẹ́ mi lọ dá ìsọ̀ epo tirẹ̀ sílẹ̀ ní Isiokpo, lẹ́bàá ọ̀nà Owerri, ó sì rọ̀ ọ́ lọ́rùn. Lẹ́yìn náà, òyìnbó pè wá, ó ní ilé-iṣẹ́ kan tó tóbi jù wọ́n lọ ti ra tiwọn, wọn yóò sì pa orúkọ wọn rẹ́ lára gbogbo nǹkan. Mo rò pé yóò banú jẹ́. Ó ní, "Ó ti pẹ́ tí mo ti ń wá ìdí tí mo máa fi lọ jókòó ti màlúù mi." Ó bọ̀ wá lọ́wọ́, ó lọ. Àwọn tó ra ilé-iṣẹ́ náà ò yọ ọkọ mi níṣẹ́.

Ọdún yẹn náà ni mo bí àkọ́bí wa. Ìyá ọkọ mi wá láti Ògbómọ̀ṣọ́ láti wá wẹ̀ ẹ́, ọ̀rẹ́ mi náà sì ti Isiokpo dé fún iṣẹ́ kan náà. Wọn ò gbọ́ èdè ara wọn. Ọ̀rẹ́ mi ní omi gbóná jù, ìyá ọkọ mi ní ó tutù, ọwọ́ àti ojú ni wọ́n fi ń bá ara wọn jà lórí ọpọ́n. Nígbà tó ṣe, ìyá ọkọ mi bú sẹ́rìn-ín, ó gbé ọmọ lé ọ̀rẹ́ mi lẹ́sẹ̀, ó lọ bu omi tútù sínú ọpọ́n. Mo jókòó sórí àpótí, mò ń jẹ ẹ̀bà mi lọ, kò sẹ́ni tó ní kí n wá túmọ̀ nǹkan kan.