Ará Ìgbẹsà Tí Ó Ń Gbé Mi Lọ sí Kíláàsì

Ẹsẹ̀ òsì mi ti rọ láti kékeré. Ibà líle kan ló mú mi nígbà tí mo ṣẹ̀ṣẹ̀ ń rìn, nígbà tí ó sì lọ, ó mú agbára ẹsẹ̀ náà lọ. Ọ̀pá gígùn kan tí mo máa ń kì bọ abẹ́ apá ni mo fi ń rìn káàkiri ilé wa ní Ọ̀tà. Kò pẹ́ rárá tí mo fi mọ ọ̀pá náà lò débi pé, bí mo bá ṣe ohun tí ó tọ́ sí nínà, ìyá mi kì í lè lé mi bá.

Télọ̀ ni bàbá mi. Ó máa ń rán bùbá àti ṣòkòtò fún àwọn tí wọ́n fẹ́ wọ aṣọ tuntun lọ kí jímọ̀ọ̀, gbogbo ẹbí sì ti gbà pé iṣẹ́ náà ni èmi náà yóò ṣe, torí pé iṣẹ́ ìjókòó ni. Ohun kan ni wọ́n gbàgbé: ẹsẹ̀ ni a fi ń wa ẹ̀rọ ìránṣọ. Lọ́jọ́ tí bàbá mi gbé mi jókòó sídìí rẹ̀, mo fi ẹsẹ̀ kan tẹ̀ ẹ́ títí, aṣọ tí ó yẹ kí ó di apá bùbá sì di ohun kan tí a kò rí orúkọ fún. Bàbá mi yí i síwá sẹ́yìn, ó ní, "Ẹ̀rọ yìí fẹ́ ẹsẹ̀ méjì. Ìwé ò bèèrè ju orí kan lọ. Máa lọ síléèwé."

Bí mo ṣe kàwé títí tí mo fi wọ kọ́lẹ́ẹ̀jì àwọn olùkọ́ nìyẹn. Ìjọba òyìnbó ló wà lóde nígbà náà, kọ́lẹ́ẹ̀jì náà sì wà nínú igbó, lẹ́bàá ọ̀nà Ìdí-Ìrókò. Èmi àti bàbá mi wọ lọ́rì, a sọ̀ lórí títì, mo sì fi ọ̀pá mi rìn wọlé, bàbá mi ru àpótí mi tẹ̀ lé mi.

Ọ̀gá kọ́lẹ́ẹ̀jì rí mi láti ojú fèrèsé. Òyìnbó tẹ́ẹ́rẹ́ kan ni, tí inú rẹ̀ dára ju bí ó ti yẹ lọ. Ó sáré jáde láìwọ fìlà, ó ń ju ọwọ́ méjèèjì sókè.

"Dúró níbẹ̀!" ó ní. "Má rìn mọ́!"

Mo dúró. Bàbá mi rò pé ejò ni ọkùnrin náà rí, ó sọ àpótí mi kalẹ̀, ó ń wo ilẹ̀ kiri.

Ọ̀gá fọn fèrè, gbogbo àwọn akẹ́kọ̀ọ́ sì péjọ. Ó bi wọ́n léèrè ẹni tí ó lágbára jù láàárín wọn. Gbogbo wọn yíjú sí ọmọkùnrin gìrìpá kan tí ó wà lẹ́yìn, ọmọ àgbẹ̀ láti Ìgbẹsà, tí apá rẹ̀ kan fẹ́rẹ̀ẹ́ tó itan mi méjèèjì. Ọ̀gá ní láti ọjọ́ náà lọ, òun ni yóò máa gbé mi láti yàrá lọ sí kíláàsì, láti kíláàsì lọ sí ilé oúnjẹ, àti sí ibikíbi tí mo bá fẹ́ lọ. Nítorí pé iṣẹ́ náà yóò le, kò ní máa ṣe ìdárayá òwúrọ̀ mọ́, kò sì ní máa lọ sí oko kọ́lẹ́ẹ̀jì.

Ìgbà tí ó gbọ́ gbólóhùn ìkẹyìn yẹn ni ojú rẹ̀ tàn. N kò tíì rí ẹni tí àánú mi ṣe lójijì tó bẹ́ẹ̀ rí.

Nígbà tí bàbá mi ti padà sílé, ará Ìgbẹsà wá bá mi lórí ibùsùn mi. "Ọmọ Télọ̀," ó ní, "báwo lo ṣe wúwo tó?"

"Mi ò wúwo. Mo sì mọ̀ ọ́n rìn."

"Ta ló bi ẹ́ bóyá o mọ̀ ọ́n rìn?"

Òótọ́ ló sọ. Kò sí ẹni tí ó bi mí.

Bí ayé mi ṣe dà bí ayé ọba nìyẹn. Láràárọ̀, nígbà tí àwọn ẹlẹgbẹ́ wa bá ń fò bí ọ̀pọ̀lọ́ lórí pápá nínú ìrì, èmi àti ará Ìgbẹsà yóò máa kọjá lọ wọ́ọ́rọ́wọ́, èmi lẹ́yìn rẹ̀, ọ̀pá mi lọ́wọ́ rẹ̀. Kíláàsì kò jìnnà, ṣùgbọ́n ọ̀nà tí ó yí pápá ká ló máa ń gbà, kí a má baà tètè dé. Bí a bá dé iwájú wọn, yóò dúró, yóò ní, "Ẹ kú iṣẹ́ o! Iṣẹ́ ò ní pa yín o!" Àwọn tí ń làágùn yóò sì máa ṣépè fún un lábẹ́lẹ̀. Bí mo bá gbìyànjú láti jí jáde fúnra mi, n kò ní rí ọ̀pá mi. Ó ti gbé e sórí àjà.

Àwọn tó kù náà kò gbẹ́yìn. Ọ̀kan máa ń bá mi fọ́ iṣu sí wẹ́wẹ́ nínú àwo, bíi pé eyín mi ló rọ. Òmíràn máa ń pariwo sí mi létí tí ó bá fẹ́ bá mi sọ̀rọ̀, bíi pé inú ẹsẹ̀ òsì ni etí mi wà. Mo ń dúpẹ́ lọ́wọ́ wọn. Kí n má purọ́, iṣu tí a bá ènìyàn fọ́ máa ń dùn.

Ohun tí kò dùn ni ti ẹ̀kọ́ ìkọ́ni. Ní kíláàsì yẹn, akẹ́kọ̀ọ́ kan yóò bọ́ síwájú, yóò ṣe olùkọ́, àwa yòókù yóò ṣe ọmọ iléèwé. Nígbà tí ó bá kàn mí, olùkọ́ wa yóò ní, "Ìwọ, jókòó jẹ́ẹ́. Máa wò wọ́n." Mo jókòó jẹ́ẹ́, mo ń wò wọ́n, títí odindi ọdún fi kọjá. Mo mọ bí gbogbo wọn ṣe ń kọ́ni, àti bí ará Ìgbẹsà ṣe máa ń wúkọ́ tí ó bá gbàgbé ohun tí ó kàn. Èmi fúnra mi kò tíì di ẹfun ìkọ̀wé mú rí níwájú ẹnikẹ́ni.

Ìgbà náà ni wọ́n sọ fún wa pé alábẹ̀wò ilé ẹ̀kọ́ ń bọ̀, àti pé kò sí ẹni tí yóò gba ìwé ẹ̀rí láìjẹ́ pé ó kọ́ àwọn ọmọ níṣojú rẹ̀.

Iléèwé kékeré kan lọ́nà Ìgbẹsà ni wọ́n yàn fún mi. Ará Ìgbẹsà gbé mi wọ kíláàsì lẹ́yìn rẹ̀. Àwọn ọmọ fò dìde, wọ́n kí i, "Ẹ káàárọ̀, sà!" Òun ni wọ́n rò pé ó jẹ́ olùkọ́, tí ó gbé ẹrù rẹ̀ wá. Ó dá wọn lóhùn tìyìtìyì, ó sọ̀ mí kalẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ pátákó ìkọ̀wé, ó sì lọ dúró lẹ́yìn fèrèsé. Alábẹ̀wò ti jókòó sẹ́yìn kíláàsì. Ọmọ ilẹ̀ wa ni, ó wọ ṣòkòtò kúkúrú tí wọ́n fi sítáàṣì lọ̀, ojú rẹ̀ náà sì dà bíi pé wọ́n fi sítáàṣì díẹ̀ sí i.

Ẹ̀gẹ́ ni mo fẹ́ kọ́ àwọn ọmọ, bí ó ṣe ń ta gbòǹgbò. Mo fi ọ̀pá ti abẹ́ apá kan, mo fi ìwé há abẹ́ èkejì, mo wá nawọ́ ẹfun sókè, torí pé ẹni gíga ló gbé pátákó náà kọ́. Mo nà, mo tún nà. Ọ̀pá yọ̀ lórí sìmẹ́ńtì. Èmi, ìwé àti ẹfun, gbogbo wa bá ara wa nílẹ̀.

Ẹsẹ̀ kan ará Ìgbẹsà ti wọlé láti ojú fèrèsé.

"Dúró níbẹ̀!" mo kígbe mọ́ ọn.

N kò jágbe mọ́ ọn rí. Ó dúró bẹ́ẹ̀, ẹsẹ̀ kan nínú, ẹsẹ̀ kan lóde. Ọmọbìnrin kékeré kan níwájú na ọwọ́ sókè, ó ní, "Sà, ṣé ibẹ̀ yẹn ni gbòǹgbò ẹ̀gẹ́ wà?"

Kí Ọlọ́hun bù kún ọmọ náà níbikíbi tí ó bá wà. Mo ní, "Bẹ́ẹ̀ ni. Ilẹ̀ ló wà. Ẹ sún mọ́ ibí, kí ẹ wá wò ó."

Gbogbo wọn rọ́ wá, wọ́n jókòó yí mi ká. Mo ya ẹ̀gẹ́ sórí sìmẹ́ńtì. Ọmọ kan ní kò rí bẹ́ẹ̀, pé ti oko bàbá òun sanra ju bẹ́ẹ̀ lọ. Mo fún un lẹ́fun kí ó ya tiẹ̀. Òmíràn ní irọ́ ni, oko bàbá rẹ̀ ò ní irú ẹ̀gẹ́ bẹ́ẹ̀ rí, àríyànjiyàn sì bẹ́ sílẹ̀. Mo dá wọn dúró, mo ṣàlàyé, mo bi wọ́n, wọ́n dáhùn. Alábẹ̀wò kò rí nǹkan kan mọ́ àfi ẹ̀yìn orí àwọn ọmọ. Ó dìde, ó sún mọ́ wa, nígbà tó yá ó bẹ̀rẹ̀, ó ń yọjú láàárín wọn.

Nígbà tí àwọn ọmọ jáde lọ ṣeré, ó ní, "Ẹ̀kọ́ yẹn dùn. Ṣùgbọ́n ṣé gbogbo ìgbà lo máa ń ṣubú kó o tó kọ́ wọn ni?"

"Rárá, sà. Ìgbà àkọ́kọ́ tí mo kọ́ni nìyí."

Ó wò mí, ó wo ọ̀pá mi, ó wo pátákó. "Mi ò lè fọwọ́ sí i lónìí. Lọ wá bí wàá ṣe máa ṣe é. Màá padà wá."

Ará Ìgbẹsà gbé mi pọ̀n padà. Nígbà tó yá, ó ní, "Kí ló dé tí o ò jẹ́ kí n gbé ẹ dìde?"

"Tí o bá gbé mi dìde, ẹ̀kọ́ parí nìyẹn. Ṣé ìwọ lo máa bá mi kọ́ wọn ni?"

"Àánú ẹ ló ṣe mí."

"Mo mọ̀. Òun náà ni kò jẹ́ kí n tíì mọ ẹfun dì mú."

Nígbà tí a dé kọ́lẹ́ẹ̀jì, mo sọ̀ lẹ́yìn rẹ̀, mo sì fi ọ̀pá mi rìn lọ sí ọ́fíìsì ọ̀gá. Ará Ìgbẹsà ń tẹ̀ lé mi, ó ń bẹ̀ mí wúyẹ́wúyẹ́ pé kí n jọ̀ọ́ gun òun kí wọ́n má baà rí i pé mo ń rìn.

"Sà," mo sọ fún ọ̀gá, "mo lè rìn. Ohun tí mi ò lè ṣe ni kí n di ọ̀pá mú, kí n di ìwé mú, kí n tún máa kọ̀wé sókè lẹ́ẹ̀kan náà. Mo fẹ́ pátákó tó wà nísàlẹ̀, àti àga gíga tí mo lè fìdí tì. Mo sì fẹ́ kí wọ́n máa pè mí síwájú bíi ti àwọn yòókù."

Ọ̀gá yọ awò ojú rẹ̀. "Kí ló dé tí o ò sọ fún mi látọjọ́ yìí?"

"Ẹ ò bi mí, sà."

Ojú rẹ̀ pọ́n bí ẹyìn. Ó bú sẹ́rìn-ín, ẹ̀rín ẹni tí ojú ń tì. "Ẹni tí ó ń gbé ọ ńkọ́?"

Ará Ìgbẹsà wúkọ́ ní ẹnu ọ̀nà. "Sà, ó ṣì nílò mi díẹ̀díẹ̀. Pàápàá láàárọ̀."

"Láàárọ̀ ọ̀la," ni ọ̀gá wí, "màá rí ọ lórí pápá."

Lọ́jọ́ kejì, mo jókòó ní ọ̀ọ̀dẹ̀, mo ń wo bí ó ṣe ń fò bí ọ̀pọ̀lọ́. Ọdún kan tí kò ti fò ti sọ ọ́ di ọ̀pọ̀lọ́ abara wúwo. Mo kàn kí i pé ó kú iṣẹ́ ni.

Kò bínú sí mi ju ọ̀sán ọjọ́ náà lọ. Òun ló bá mi gbé pátákó náà wálẹ̀, tí ó sì gé ẹsẹ̀ tábìlì àtijọ́ kan fi ṣe àga tí mo fẹ́. Bí mo bá sì ń fi kíláàsì dánra wò, òun ló máa ń ṣe ọmọ olórí kunkun fún mi. Yóò máa bèèrè ìbéèrè tí kò ní orí, yóò máa jẹ gúgúrú, yóò tún na ọwọ́ sókè pé òun fẹ́ lọ tọ̀. Ẹni tí ó bá lè kọ́ ará Ìgbẹsà, kò sí kíláàsì tí kò lè kọ́.

Àárọ̀ ọjọ́ tí alábẹ̀wò máa padà wá, òjò ńlá rọ̀. Amọ̀ ọ̀nà náà ń yọ̀ bí ilá, ọ̀pá mi ò sì rí ibi dúró. Mo rìn díẹ̀, mo dúró.

"Gbé mi," mo sọ fún ará Ìgbẹsà, tí ó ń gbé àga mi bọ̀.

Ó wo ojú ọ̀run. "Mo rò pé o mọ̀ ọ́n rìn."

"Jọ̀ọ́."

"Mi ò gbọ́."

"Ẹ jọ̀ọ́, ẹ̀gbọ́n mi àtàtà."

Ó fi àga kọ́ ọrùn, ó gbé mi pọ̀n, a sì dé ibẹ̀ láìní amọ̀ lára, ó kéré tán lára tèmi.

Mo fìdí ti àga, mo gbé ọ̀pá ti ògiri, mo sì fi ọwọ́ méjèèjì kọ́ àwọn ọmọ náà nípa òjò, nígbà tí òjò náà ń rọ̀ lórí páànù wa. Alábẹ̀wò ò dìde lórí àga rẹ̀. Nígbà tí mo parí, ó fọwọ́ sí ìwé mi, ó bọ̀ mí lọ́wọ́, ó ní òun ṣì fẹ́ràn ti ẹ̀gẹ́ jù.

A gba ìwé ẹ̀rí wa pọ̀. Ará Ìgbẹsà lọ kọ́ni ní ìlú rẹ̀, wọ́n sì rán èmi lọ sí iléèwé kan lọ́nà Ìlo-Awẹ́là. Mo gúnlẹ̀ síbẹ̀ ní òwúrọ̀ ọjọ́ Ajé. Olórí olùkọ́ náà, bàbá arúgbó kan, rí ọ̀pá mi, ó ti ń dìde láti wá fà mí lọ́wọ́. Mo kí i, mo ní, "Ẹ jókòó, sà. Mo lè wọlé fúnra mi. Pátákó ni mo fẹ́ kí ẹ bá mi gbé sílẹ̀ díẹ̀."

Ó padà jókòó. Ó pe ọmọ kíláàsì kẹfà kan, ó ní kí ó lọ mú òòlù wá, ó wá bi mí pé, "Báwo lo ṣe fẹ́ kó wálẹ̀ tó?"