Kò Sí Arọ́pò fún "Kò"

"Sọ òmíràn," ni ìyá bàbá mi wí, wọn ò wojú mi. Yanrìn inú ìkòkò ti gbóná, ẹ̀pà ti ń ta nínú rẹ̀, wọ́n sì ń fi igi gbọọrọ kan rò ó lọ, rò ó bọ̀. Òórùn ẹ̀pà yíyan yẹn máa ń gba gbogbo agbo ilé wa, débi pé àwọn ọmọ tó ń ti ilé kéwú bọ̀ á dúró sí ẹnu ọ̀nà wa bí ẹni tí a ránṣẹ́ pè.

Eré àwa méjèèjì nìyẹn, nígbà tí òyìnbó ṣì ń ṣe ìjọba ní Sókótó. Èmi á pe ọ̀rọ̀ kan, ìyá àgbà á pe èkejì rẹ̀, èyí tó lè jókòó sí ààyè rẹ̀.

"Òwò."

"Kàràkátà."

"Alágídí."

"Olóríkunkun. Ìwọ gan-an nìyẹn."

N kò borí wọn rí. Lọ́jọ́ yẹn mo ronú, mo wá mú ọ̀rọ̀ kékeré kan jáde. Mo ní, "Kò."

Igi dúró nínú yanrìn. Wọ́n ní, "Ò." Mo ní kò náà nìyẹn, wọ́n kàn gé e lórí ni. Wọ́n ní, "Rárá." Mo ní kí wọ́n fi í sínú "ebi kò pa mí".

"Ebi rárá pa mí," ni ìyá àgbà wí, ni ẹ̀rín bá pa àwa méjèèjì. Wọ́n rẹ́rìn-ín títí wọ́n fi ń nu omi ojú. "Àwọn Haúsá tiẹ̀ ní tiwọn ní méjì," ni wọ́n wí. "Bí wọn ò bá gbà, wọ́n á ní *ban yarda ba*. Ba níwájú, ba lẹ́yìn. Wọ́n ti ilẹ̀kùn àbáwọlé, wọ́n tún ti ti ẹ̀yìnkùlé." Wọ́n bu ẹ̀pà gbígbóná sí mi lọ́wọ́.

N kò mọ̀ pé ọ̀rọ̀ tí mo fi ṣeré ti ń há wọn lọ́fun. Láti ìgbà tí ọkọ wọn ti kú ni ẹ̀gbọ́n ọkọ wọn, olórí ẹbí wa, ti ń wá sọ pé kí ìyá àgbà padà sí Ògbómọ̀ṣọ́ lọ sinmi. Ìyàwó ilé kì í wo ojú ẹni tó ń pè ní ọkọ kó sọ pé òun ò ṣe. Nítorí náà, ìyá àgbà á kúnlẹ̀, wọ́n á ní, "Ó dáa, ọkọ mi, a ó rí i." Bó bá di ọjọ́ mìíràn, "Ẹ jẹ́ ká ṣì máa wò ó ná." Lójú tiwọn, wọ́n ti kọ̀. Lójú àna wọn, wọ́n ti gbà.

Bẹ́ẹ̀ ni olórí ẹbí ṣe wọlé láàárọ̀ ọjọ́ ọyẹ́ kan, tẹ̀ríntẹ̀rín. "Ìyàwó wa, di ẹrù rẹ. Mo ti bá onílọ́rì sọ̀rọ̀, ọ̀la lo ń lọ."

Bàbá mi dorí kodò. Inú bí mi. Mo di ìró ìyá àgbà mú pinpin, bí ẹni pé lọ́rì ti wà lẹ́nu ọ̀nà.

Ìyá àgbà kúnlẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ ìkòkò wọn. "Ẹ ṣeun, ọkọ mi. Ọlọ́run á dá yín sí. N ò lọ."

"O ní kí ni?"

"N ò lọ. Ibí ni mo bímọ sí. Ibí la sin àbúrò yín sí."

"Haba! Ṣebí ìwọ lo ní a ó rí i?"

"A ti rí i, ọkọ mi. N ò lọ."

"Fi ọ̀rọ̀ mìíràn sọ ọ́, ìyàwó wa. Èyí ti le jù."

Ìyá àgbà wò mí, ẹ̀rín fẹ́ yọ lẹ́nu wọn. "Mo ti wá òmíràn títí. Ẹ bi ọmọ yìí léèrè, kò ní èkejì. Àfi bí ẹ bá fẹ́ kí n sọ ọ́ ní Haúsá." Wọ́n tún tẹríba sí i, lórí ìkúnlẹ̀ náà. "Ban yarda ba."

Olórí ẹbí wò wọ́n, wọ́n wo bàbá mi, wọ́n ká agbádá wọn sí èjìká, wọ́n jáde. Ó pẹ́ kí wọ́n tó tún fẹsẹ̀ tẹ ilé wa. Àwọn èèyàn wa ní Sókótó ba ìyá àgbà lórúkọ jẹ́, pé wọn ò mọ àna lọ́kọ mọ́. Ìyá àgbà ń yan ẹ̀pà wọn lọ ní tiwọn, ìlú yẹn náà ni wọ́n sì papòdà sí.

Èmi náà ti darúgbó báyìí. Àwọn ọmọ mi ń pè mí lójoojúmọ́ pé kí n wá bá wọn gbé, kí n wá sinmi. Àwọn aládùúgbò ní kí n fọgbọ́n dá wọn lóhùn, kí n ní "a ó rí i". N ò ní sọ bẹ́ẹ̀. Mo mọ ohun tí "a ó rí i" fẹ́ ṣe fún ìyá àgbà. Bí wọ́n bá dé, màá yan ẹ̀pà fún wọn, màá kí wọn tòun ti oríkì wọn, màá gbàdúrà fún wọn, lẹ́yìn náà màá sọ fún wọn pé n ò lọ.