Ìdọ̀bálẹ̀ Tí Kò Sí Nínú Fíìmù

Bàbá kan ń gbé ìsàlẹ̀ ilé wa ní Oak Park, lẹ́gbẹ̀ẹ́ Ṣikágò, nígbà tí àwọn ọdún 1980 ń parí lọ. Ọmọ Yukréènì ni. Lọ́hùn-ún, orin fíìmù ni iṣẹ́ tó fi gbogbo ayé rẹ̀ ṣe: bí ẹṣin bá ń sáré nínú sinimá, bí ìyàwó bá ń sunkún, òun ló ń wá orin tí yóò bá a lọ. Láti ìgbà tó ti dé Ṣikágò, kò kọ orin kankan mọ́.

Ó di ọjọ́ kan, àwọn ará ìlú rẹ̀ fẹ́ fi ọ̀kan nínú àwọn fíìmù rẹ̀ hàn ní gbọ̀ngàn wọn. Fíìmù dé, àwòrán ń dán, àmọ́ ohùn inú rẹ̀ ti bàjẹ́. Wọ́n ní bí Bàbá bá lè máa tẹ orin náà lórí dùùrù bí àwòrán ṣe ń lọ, ó dára. Bí kò bá lè ṣe é, fíìmù ẹlòmíì ni wọn yóò fi hàn. Bàbá wá fi ọ̀rọ̀ náà lọ̀ wá. Ó ní ẹsẹ̀ àwọn òṣèré lòun máa ń wò kí òun tó tẹ dùùrù, kò sì sí ohun tí òun lè fi dánra wò nílé.

Ìyàwó mi ní, "Ẹsẹ̀? Ẹsẹ̀ ọkọ mi ń bẹ níbí, ọ̀fẹ́ ni!"

Bí mo ṣe di òṣèré nìyẹn o. Bàbá jókòó sídìí dùùrù rẹ̀, ó ṣàlàyé: ọmọ kan ti ojú ogun dé, ó ṣílẹ̀kùn, ó rí bàbá rẹ̀. "Rọra máa rìn bọ̀," ó ní, "kí o sì ṣe bí ọmọ." Ìyàwó mi ló dúró bíi bàbá, ó fi ìborùn ṣe irùngbọ̀n. Mo wọlé, dùùrù ń bá mi bọ̀. Mo dé iwájú rẹ̀, mo dọ̀bálẹ̀, mo nà gbalaja.

Orin tán, èmi ṣì wà nílẹ̀.

"Kí lo ń wá nílẹ̀?" ni Bàbá bi mí.

"Ẹ̀yin lẹ ní kí n ṣe bí ọmọ."

"Má tíì dìde, ọmọ mi," ni ìyàwó mi wí, "mi ò tíì súre tán. Ọjọ́ wo ni mo tún máa rí irú èyí!"

Ńṣe ni ọmọ àti bàbá rẹ̀ kàn dì mọ́ra nínú fíìmù. Bàbá rẹ́rìn-ín títí ó fi bọ́ awò ojú rẹ̀. Ẹ̀yìn náà ló bẹ̀rẹ̀ sí í fọwọ́ wá nǹkan kiri lórí dùùrù. Ó ní kí n tún wọlé, kí n tún dọ̀bálẹ̀. Orin kan tí n kò gbọ́ rí tẹ̀lé mi dé ilẹ̀, ó dúró tì mí níbẹ̀, ó sì gbé mi dìde. Ẹ̀yìn mi rí nǹkan lọ́sẹ̀ náà.

Ọjọ́ pé, gbọ̀ngàn kún. Ọmọ wọlé, ó dì mọ́ bàbá rẹ̀. Kíá, àwòrán ti bọ́ sọ́dọ̀ ìyá tó ń bu ọbẹ̀ nílé ìdáná, tí kò tíì mọ̀ pé ọmọ òun ti dé. Bàbá kò dáwọ́ dúró. Orin tuntun yẹn ló ń tẹ̀ bọ̀. Ìyá bẹ̀rẹ̀ síbi ìkòkò, orin bá a lọ sílẹ̀. Ìyá nàró, orin nàró. Àwọn obìnrin iwájú wa ti ń nu ojú kí ìyá tó yíjú padà.

Olórí àwọn ará ìlú rẹ̀ wá bá a lẹ́yìn àtẹ́wọ́. "Èyí kò sí níbẹ̀ láyé ọjọ́un!"

"Kò sí níbẹ̀," ni Bàbá dáhùn. "Ṣikágò ni mo ti kọ ọ́."

Wọ́n ní kó tún wá tẹ̀ ẹ́ ní Sọ́ńdè tó ń bọ̀. Bàbá gbà. Ó ní kí wọ́n sì bá òun wá fíìmù mìíràn tí ohùn rẹ̀ ti bàjẹ́.